Ìbéèrè Yín, Ìdáhùn Wa: Gbígbé ní Ìlú tí Ilé-iṣẹ́ Kẹ́míkà Ti Bà Jẹ́

Láti ìgbà tí a ti sọ̀rọ̀ nípa afẹ́fẹ́ tí a ń mí ní ojú-ewé yìí ni lẹ́tà ti ń wọlé láti ọ̀dọ̀ àwọn òǹkàwé tí ilé-iṣẹ́ kẹ́míkà jẹ́ aládùúgbò wọn. Márùn-ún nínú wọn ni mo dáhùn níbí. Èyí àkọ́kọ́ gba àyè ju àwọn yòókù lọ, nítorí pé ohun tí ó béèrè ni ó fara pamọ́ sínú gbogbo lẹ́tà tí ó kù.

*Olóòtú wa ọ̀wọ́n, ẹ kú iṣẹ́. Ọdún kẹsàn-án rèé tí èmi àti ọkọ mi ti ń gbé ní ìlú tí ilé-iṣẹ́ kẹ́míkà yí ká. Ọ̀kan nínú wọn ni ọkọ mi ti ń ṣiṣẹ́, ibẹ̀ sì ni owó ilé-ìwé àwọn ọmọ wa ti ń jáde. Bí ilẹ̀ bá ṣú, òórùn kan tí ó dà bí ti ẹyin bíbàjẹ́ a bo àdúgbò. Bí ilẹ̀ bá sì fi máa mọ́, eruku funfun a ti bà lé aṣọ tí a sá sórí okùn. Ọmọ wa kékeré, ọmọ ọdún mẹ́rin, kì í ṣíwọ́ ikọ́. Nígbà tí a kọ́kọ́ dé, òórùn náà máa ń fa orí fífọ́ fún mi, ṣùgbọ́n ní báyìí n kì í sábà gbọ́ ọ mọ́, àwọn aládùúgbò sì sọ pé ara mi ti mọ́ ọn nìyẹn. Ṣé òótọ́ ni pé ara lè mọ́ májèlé? Kí ni a lè ṣe, àbí kí a kúkú kó kúrò? – Ìyá ọlọ́mọ méjì.*

Ẹ̀yin ìyá wa, ẹ kú ìtọ́jú àwọn ọmọ. Ẹ jẹ́ kí n bẹ̀rẹ̀ láti ibi tí lẹ́tà yín ti bà mí lọ́kàn jẹ́ jù. Ara yín kò mọ́ ohunkóhun; imú yín ni ó ti rẹ̀. Gáàsì tí ó máa ń rùn bí ẹyin bíbàjẹ́ ni wọ́n ń pè ní hydrogen sulphide. Imú ènìyàn a máa tètè gbọ́ òórùn rẹ̀ nígbà tí ó ṣì kéré jọjọ nínú afẹ́fẹ́, ṣùgbọ́n bí ènìyàn bá pẹ́ nínú rẹ̀, agbára tí a fi ń gbọ́ òórùn náà a máa dínkù, gáàsì náà a sì wà níbẹ̀ láìjẹ́ pé ẹnikẹ́ni mọ̀ ọ́n lára. Bí ó bá wá pọ̀ tó nǹkan bí ìdá 100 nínú mílíọ̀nù kan ìdá afẹ́fẹ́, kíákíá ni imú yóò kú sí i pátápátá. Ìdí nìyí tí òṣìṣẹ́ tí ó sọ̀ kalẹ̀ sínú táńkì tàbí kòtò ìdọ̀tí fi lè ṣubú lulẹ̀ lẹ́yìn tí ó ti rò pé òórùn náà ti lọ.

Mo sọ èyí kí ẹ má baà fi imú ṣe òṣùwọ̀n mọ́. Carbon monoxide, gáàsì olóró tí ń jáde nínú èéfín, kò ní òórùn rárá. Benzene, kẹ́míkà inú epo rọ̀bì tí àjọ IARC, ẹ̀ka Àjọ Ìlera Àgbáyé tí ó ń ṣèwádìí àrùn jẹjẹrẹ, ti kọ sí ìpele kìíní nínú àwọn ohun tí ó dájú pé wọ́n ń fa àrùn náà, ní òórùn dídùn díẹ̀ tí kò lè lé ẹnikẹ́ni sá. Vinyl chloride tí wọ́n fi ń ṣe ike PVC wà ní ìpele kan náà, bẹ́ẹ̀ ni láti ọdún 2013 ni àjọ yìí ti kọ afẹ́fẹ́ ìta tí ó dọ̀tí fúnra rẹ̀ síbẹ̀. Alẹ́ tí kò rùn lè burú ju èyí tí ó rùn lọ, òórùn tí ó le gan-an sì lè jẹ́ ti nǹkan tí ewu rẹ̀ kò tó bí a ti rò.

Ẹ sọ pé alẹ́ ni òórùn náà máa ń dé. Ọ̀pọ̀ ènìyàn ń fura pé òru ni àwọn ilé-iṣẹ́ máa ń yọ́ tú gáàsì jáde. Ó lè rí bẹ́ẹ̀ níbòmíràn, ṣùgbọ́n ìdí kan wà tí ó wọ́pọ̀ jù bẹ́ẹ̀ lọ. Ní ọ̀sán, oòrùn a mú ilẹ̀ gbóná, afẹ́fẹ́ ilẹ̀ a gòkè, a sì gbé èéfín lọ sókè. Bí alẹ́ bá lẹ́, tí ojú ọ̀run mọ́, tí atẹ́gùn kò sì fẹ́, ilẹ̀ a tutù kíákíá, afẹ́fẹ́ tútù a jókòó sísàlẹ̀, afẹ́fẹ́ tí ó lọ́ wọ́ọ́rọ́ a sì wà lórí rẹ̀ bí ọmọrí ìkòkò, tí ohun gbogbo tí ilé-iṣẹ́ bá tú jáde a há sábẹ́ rẹ̀ títí oòrùn yóò fi gòkè dáadáa ní òwúrọ̀. Nítorí náà, kí fèrèsé yín wà ní títì láti ìrọ̀lẹ́ títí di ìgbà tí oòrùn bá ti gòkè, kí ẹ sì ṣí wọn ní ọ̀sán nígbà tí atẹ́gùn bá ń fẹ́ láti apá ibi tí kò sí ilé-iṣẹ́. Ìrépé aṣọ fẹ́lẹ́ tí ẹ so mọ́ ọ̀pá níta yóò máa fi apá tí atẹ́gùn ti ń wá hàn yín. Ẹni tí ó bá ń sáré ìdárayá ní ìdájí ní irú ìlú bẹ́ẹ̀, ìgbà tí ó burú jù ni ó ń mí kíkan.

Ọ̀nà tí ìdọ̀tí ilé-iṣẹ́ ń gbà wọ inú ara kò ju bí a ṣe lè kà á lọ: afẹ́fẹ́ tí a mí, eruku tí ó bà lé nǹkan, omi, oúnjẹ, àti aṣọ ẹni tí ó ti ibi iṣẹ́ dé. Èyí tí ó wà ní ìkáwọ́ yín jù ni èyí tí ẹ kò béèrè rárá, ìyẹn aṣọ iṣẹ́ ọkọ yín. Eruku inú ilé-iṣẹ́ a máa nípọn ju ti ìta lọ, ó sì ń bá òṣìṣẹ́ wálé nínú irun, nínú bàtà, lórí ìjókòó ọkọ̀, àti ní àyà tí ọmọ ń gbé orí lé. Bí ilé ìwẹ̀ bá wà níbi iṣẹ́, kí ó wẹ̀ kí ó sì pààrọ̀ aṣọ kí ó tó kúrò níbẹ̀. Bí kò bá sí, kí aṣọ náà wọ inú àpò ọ̀rá lẹ́nu ọ̀nà, kí ẹ má ṣe gbọ̀n ọ́n, kí ẹ sì fọ̀ ọ́ lọ́tọ̀ sí ti àwọn ọmọ. Kí bàtà gbogbo ènìyàn dúró síta. Kí ẹ yé sá aṣọ síta mọ́jú, kí ẹ sì máa fi aṣọ tútù nu ilẹ̀ dípò kí ẹ gbá a ní gbígbẹ, nítorí ìgbálẹ̀ a máa gbé eruku dìde padà sí ibi tí ọmọ ti ń mí.

Mo tẹnu mọ́ ọ̀rọ̀ eruku nítorí ọmọ yín. Bí a bá fi ìwọ̀n ara wọn èémí, ọmọdé ń mí afẹ́fẹ́ ju àgbà lọ; ilẹ̀ ni ó ti ń ṣeré, ọwọ́ rẹ̀ kì í sì í kúrò lẹ́nu. Bí òjé bá wà nínú eruku tí ó gbé mì, Àjọ Ìlera Àgbáyé sọ pé ara ọmọdé máa ń fa á wọlé ní ìlọ́po mẹ́rin sí márùn-ún ti àgbà, kò sì sí ìwọ̀n òjé kan tí a mọ̀ pé kò léwu fún ọpọlọ ọmọ. Ọwọ́ fífọ̀ kí ó tó jẹun àti kí ó tó sùn ṣe pàtàkì gidigidi, bẹ́ẹ̀ ni oúnjẹ tí ó ní èròjà irin àti kálísíọ́ọ̀mù, nítorí pé ara tí àwọn èròjà wọ̀nyí bá sọ̀wọ́n nínú rẹ̀ a máa gba òjé púpọ̀ sí i.

Ẹ má ṣe fi gbogbo ọkàn lé ìbòmú. Èyí tí wọ́n ṣe fún eruku, tí ó sì bá ojú mu dáadáa, yóò dá eruku dúró, ṣùgbọ́n gáàsì yóò kọjá nínú rẹ̀ bí ẹni pé kò sí níbẹ̀.

Ẹ gbé ọmọ náà lọ sọ́dọ̀ dókítà, kí ẹ má sì lọ ní ọwọ́ òfo. Ẹ kọ ọjọ́ àti wákàtí tí ikọ́ náà máa ń le sílẹ̀, ẹ kọ apá ibi tí atẹ́gùn ti ń fẹ́, kí ọkọ yín sì kọ orúkọ àwọn kẹ́míkà tí ó ń fọwọ́ kàn bí wọ́n ṣe wà lára agolo àti àgbá ní ibi iṣẹ́ rẹ̀. Ikọ́ ọmọ náà lè jẹ́ àsímà, èyí tí ó ní ìtọ́jú tí ó dára, ó sì lè jẹ́ ohun mìíràn tí kò kan ilé-iṣẹ́ rárá. Ẹ béèrè bóyá àyẹ̀wò òjé inú ẹ̀jẹ̀ yẹ fún un. Ṣùgbọ́n bí ẹnikẹ́ni bá fẹ́ ta oògùn tí ó ń “fọ májèlé kúrò lára” fún yín, ẹ pa owó yín mọ́. Ní ayé ìjọba Soviet, òṣìṣẹ́ tí iṣẹ́ rẹ̀ léwu ní ẹ̀tọ́ sí ààbọ̀ lítà wàrà lójoojúmọ́, títí di òní ni ọ̀pọ̀ ènìyàn ní oríṣiríṣi ilẹ̀ sì gbà pé wàrà ń fọ kẹ́míkà kúrò nínú ẹ̀jẹ̀. Oúnjẹ rere ni wàrà, kò sì lè ṣe iṣẹ́ yẹn.

Ó wá ku ìbéèrè bóyá kí ẹ kó kúrò. N kò ní sọ fún ẹni tí owó oúnjẹ rẹ̀ ń ti inú ilé-iṣẹ́ jáde pé kí ó di ẹrù rẹ̀ lọ́la, nítorí pé àìrówó ná náà a máa pa ọmọ lára. Síbẹ̀, bí dókítà bá sọ pé àsímà ni, tí ó sì ń le sí i láìka oògùn sí, tàbí bí ẹ bá lóyún, tàbí bí wọ́n bá rí májèlé nínú omi yín tí kò sì sí omi mìíràn, èmi yóò kó. Kíkó kúrò kò sì fi dandan jẹ́ kíkúrò ní ìlú. Ohun tí ń jáde láti inú ilé-iṣẹ́ a máa fẹ́lẹ́ sí i bí a ṣe ń jìnnà sí i, kì í sì í bà lé gbogbo apá ìlú bákan náà. Bí ẹ bá kíyè sí atẹ́gùn fún ọdún kan gbáko, ẹ ó rí i pé apá kan ìlú wà tí kì í sábà gbé èéfín lọ sí. Ilé tí ó wà ní ìwọ̀n kìlómítà díẹ̀ ní apá ibẹ̀ lè yàtọ̀ púpọ̀ sí tiyín, ọkọ yín á sì máa lọ sí ibi iṣẹ́ rẹ̀ síbẹ̀.

*Olóòtú, kànga ni a ń pọn mu. Láti bí ọdún méjì ni ojú omi náà ti ń dán bí ẹni pé wọ́n ta epo sí i. Ìyàwó mi máa ń sè é dáadáa kí a tó mu ún. Ṣé ó tó bẹ́ẹ̀? – Bàbá onílé.*

Kò tó, bàbá. Omi sísè ń pa kòkòrò àrùn, kò sì rí nǹkan ṣe sí òjé, arsenic tàbí nitrate. Omi ni ó ń gbẹ, àwọn wọ̀nyí ń kù sínú ìkòkò, èyí tí ó kù nínú rẹ̀ á wá ki ju bí ó ti wà tẹ́lẹ̀ lọ. Bí ó bá sì jẹ́ irú kẹ́míkà tí ó máa ń fò lọ bí ọtí líle ni, bíi benzene, sísè yóò lé e kúrò nínú omi sínú afẹ́fẹ́ ilé ìdáná, níbi tí ìyàwó yín dúró sí. Ẹ dá omi náà dúró fún mímu àti oúnjẹ sísè títí ẹ ó fi yẹ̀ ẹ́ wò. Bí ọmọ ọwọ́ bá wà nínú ilé, kí ẹ má fi po oúnjẹ rẹ̀ rárá, nítorí nitrate lè dí ẹ̀jẹ̀ rẹ̀ lọ́wọ́ àti gbé afẹ́fẹ́ káàkiri ara.

Nígbà tí ẹ bá gbé omi lọ fún àyẹ̀wò, ẹ má ṣe béèrè bóyá omi náà dára. Àyẹ̀wò tí ó wọ́pọ̀ ni ti kòkòrò àrùn, wọn yóò sì fún yín ní ìwé pé ó dára láìjẹ́ pé ẹnikẹ́ni wá kẹ́míkà kan ṣoṣo nínú rẹ̀. Ẹ kọ́kọ́ wádìí ohun tí ilé-iṣẹ́ tí ó sún mọ́ yín ń ṣe, títí kan èyí tí ó ti kógbá sílé, kí ẹ wá béèrè àwọn nǹkan wọ̀nyẹn ní orúkọ. Mo mẹ́nu kan èyí tí ó ti kógbá sílé nítorí pé ilẹ̀ kì í gbàgbé. Ní Love Canal, ní ìlú Niagara Falls ní Amẹ́ríkà, ilé-iṣẹ́ kan da nǹkan bí 21,000 tọ́ọ̀nù ìdọ̀tí kẹ́míkà sínú ihò láàárín ọdún 1942 sí 1953, wọ́n bò ó, wọ́n sì ta ilẹ̀ náà ní dọ́là kan. Ilé-ìwé àti ilé gbígbé ni ó hù sórí rẹ̀. Ọdún 1978, nígbà tí ohun tí wọ́n sin ti ń sun jáde nínú àjà ìsàlẹ̀ ilé àwọn ènìyàn, ni ìjọba tó kéde ìpàjáwìrì, tí wọ́n sì bẹ̀rẹ̀ sí í kó ìdílé kúrò. Dzerzhinsk ní Rọ́ṣíà, níbi tí wọ́n ti ń ṣe kẹ́míkà láyé ìjọba Soviet, títí kan gáàsì ogun, ṣì ń bá ìdọ̀tí ayé àtijọ́ jà nínú omi abẹ́ ilẹ̀ rẹ̀.

Ní ti asẹ́ omi, èyí tí ó ní èédú ìsẹ́mi nínú ń mú ọ̀pọ̀ kẹ́míkà tí ń fò lọ, kì í sì í mú gbogbo irin olóró. Èyí tí wọ́n ń pè ní reverse osmosis, tí ó ń fi agbára ti omi gba inú awọ tín-ínrín kọjá, ń mú púpọ̀ sí i. Asẹ́ tí ó ti kún tí a kò pààrọ̀ lè burú ju kí a má ní asẹ́ lọ, nítorí pé ó ń fi wá lọ́kàn balẹ̀ lásán.

*Ṣé mo lè máa jẹ ẹ̀fọ́ tí mo gbìn sí ẹ̀yìnkùlé mi, àti ẹja tí wọ́n ń pa nínú odò tí omi ilé-iṣẹ́ ń ṣàn sí? – Olùfẹ́ oko.*

Ẹ̀fọ́, bẹ́ẹ̀ ni, bí ẹ bá gbìn ín sínú ilẹ̀ mímọ́ tí ẹ kó wá láti ibòmíràn sínú àpótí tí ó ga díẹ̀ kúrò nílẹ̀. Ẹ fọ ewé dáadáa nítorí eruku, ẹ sì bó ohun tí ó ta sínú ilẹ̀. Èso orí igi kì í sábà fa májèlé láti inú ilẹ̀ tó ewé àti gbòǹgbò.

Ẹja ni n kò ní dán wò. Ní Minamata ní Jàpáànù, omi tí ilé-iṣẹ́ kẹ́míkà kan ń dà sínú òkun ní mákúrì nínú. Ẹja jẹ ẹ́, ènìyàn jẹ ẹja, mákúrì sì ń pọ̀ sí i bí ó ṣe ń ti ara ẹ̀dá kan bọ́ sí ti èkejì. Àwọn ológbò tí ń jẹ ẹja ni wọ́n kọ́kọ́ bẹ̀rẹ̀ sí í gbọ̀n, tí wọ́n ń pòòyì bí ẹni tí ń jó. Ọdún 1956 ni wọ́n kéde àrùn náà lára ènìyàn. Ọdún 1968 ni ilé-iṣẹ́ náà tó dá dídà rẹ̀ dúró. Ọdún méjìlá wà láàárín méjèèjì, àwọn ọmọ sì ń ti inú oyún gbé àìsàn náà wá sáyé. Ẹja náà kò yí àwọ̀ padà, kò sì yí adùn padà.

*Ọmọ ọdún mọ́kàndínlógún ni mí, ilé-ìwé wa kò jìnnà sí ilé-iṣẹ́ tí ó ń lo gáàsì chlorine. Wọ́n máa ń fun fèrè ìkìlọ̀ nígbà mìíràn, kò sì sí ẹni tí ó ti sọ ohun tí a óò ṣe fún wa rí. – Akẹ́kọ̀ọ́.*

Àbúrò wa, o ṣeun tí o béèrè, nítorí pé àìsí ìdáhùn sí ìbéèrè yìí ti pa ènìyàn púpọ̀. Ní òru ọjọ́ kejì mọ́jú ọjọ́ kẹta oṣù Kejìlá ọdún 1984, nǹkan bí 40 tọ́ọ̀nù gáàsì methyl isocyanate tú jáde ní ilé-iṣẹ́ oògùn apakòkòrò kan ní Bhopal ní Íńdíà. Gáàsì náà wúwo ju afẹ́fẹ́ lọ, ó sì ń wọ́ lórí ilẹ̀ láàárín àwọn ilé kéékèèké tí ó yí ibẹ̀ ká. Àwọn ènìyàn jí pẹ̀lú ojú tí ń ta wọ́n bí ata, wọ́n sì bọ́ sí ìta, wọ́n ń sáré, sísáré náà sì ń mú kí wọ́n mí gáàsì sí i. Ẹgbẹẹgbẹ̀rún ni ó kú. Kò sí ẹni tí ó ti sọ fún wọn rí pé aṣọ tútù ní ojú àti imú lè dín in kù, tàbí pé kí wọ́n wo apá tí atẹ́gùn ń gbé e lọ kí wọ́n tó sáré.

Bí fèrè bá dún tí a kò sì sọ pé kí ẹ kúrò, ẹ wọ inú ilé. Ẹ ti ilẹ̀kùn àti fèrèsé, ẹ pa ẹ̀rọ amúlétutù àti ohunkóhun tí ń fa afẹ́fẹ́ ìta wọlé, ẹ fi tẹ́ẹ̀pù tàbí aṣọ tútù dí àlàfo abẹ́ ilẹ̀kùn. Chlorine wúwo ju afẹ́fẹ́ lọ, nítorí náà, yàrá òkè sàn ju ti ìsàlẹ̀ lọ. Bí ìta ni ó bá ká ọ mọ́, má ṣe sá tẹ̀lé atẹ́gùn, nítorí pé gáàsì náà ń bọ̀ lẹ́yìn rẹ; dá ọ̀nà tí gáàsì náà ń gbà kọjá ní ìbú títí tí wà á fi jáde kúrò nínú rẹ̀, kí o sì máa lọ sí ibi gíga. Bí ó bá ti kan ọ́ lára, bọ́ aṣọ òde kúrò, kí o sì fi omi púpọ̀ ṣan ojú àti ara. Nígbà tí wọ́n bá kéde pé ó ti kọjá, ẹ ṣí gbogbo fèrèsé kí ẹ sì jáde, nítorí pé ìwọ̀nba tí ó ti yọ́ wọlé ṣì wà nínú ilé.

Kí ọ̀gá ilé-ìwé yín kọ̀wé sí ilé-iṣẹ́ náà láti béèrè ìtumọ̀ fèrè kọ̀ọ̀kan, kí ẹ sì dán ohun tí mo sọ yìí wò ní ọjọ́ tí kò sí ewu. Ojúṣe wọn ni láti dáhùn, kì í ṣe oore. Lẹ́yìn Seveso ní Ítálì, níbi tí májèlé kan tí wọ́n ń pè ní dioxin ti tú jáde láti ilé-iṣẹ́ kẹ́míkà, tí ó sì bo àdúgbò ní ọjọ́ kẹwàá oṣù Keje ọdún 1976, tí ó sì lé ní ọ̀sẹ̀ méjì kí wọ́n tó bẹ̀rẹ̀ sí í kó àwọn ènìyàn kúrò níbi tí ó burú jù, ni àwọn orílẹ̀-èdè Yúróòpù ṣe òfin ní ọdún 1982 tí ó pọn ọ́n ní dandan kí wọ́n sọ fún ẹni tí ń gbé nítòsí ilé-iṣẹ́ eléwu ohun tí ó yẹ kí ó ṣe.

*Olùkọ́ ni mí. Àwọn tí àrùn jẹjẹrẹ ti pa ní òpópónà wa pọ̀. A lọ bá àwọn aláṣẹ, wọ́n ní kò sí ẹ̀rí. Ta ni yóò gbọ́ tiwa? Ṣé ìlú tí ó ti bàjẹ́ báyìí tilẹ̀ lè dára mọ́? – Olùkọ́.*

Ẹ kú ará fẹ́ra kù, olùkọ́ wa. Mo gbà pé ìbànújẹ́ yín tọ́, ṣùgbọ́n n kò ní tàn yín: láti fi ìdí rẹ̀ múlẹ̀ pé ilé-iṣẹ́ kan pàtó ni ó fa jẹjẹrẹ ènìyàn kan pàtó ṣòro púpọ̀. Àrùn náà wọ́pọ̀ níbi gbogbo, àwọn ènìyàn ń ṣí kiri, ó sì lè pẹ́ kí ó tó yọjú. Jẹjẹrẹ tí asbestos ń fà sí awọ tí ó bo ẹ̀dọ̀fóró lè gba ogún sí ogójì ọdún tàbí jù bẹ́ẹ̀ lọ. Bí ẹ bá fi iye òkú bẹ̀rẹ̀, wọn yóò máa dá yín lóhùn pé kò sí ẹ̀rí títí tí ará ìlú yóò fi rẹ̀. Ohun tí ẹ lè fi hàn ní kíákíá ni ohun tí ń jáde: kí ni, mélòó ni, nígbà wo, láti ibo.

Àwọn aráàlú ti ṣe é rí. Ní ẹ̀bá odò Mississippi láàárín Baton Rouge àti New Orleans ní Amẹ́ríkà, níbi tí ilé-iṣẹ́ kẹ́míkà àti ti ìfọpo ti lé ní 150, àwọn olùgbé ń fi korobá oníke tí a ṣe àpò pàtàkì sínú rẹ̀ gba afẹ́fẹ́ ní àkókò tí òórùn bá dé gan-an, wọ́n sì ń fi ránṣẹ́ sí ilé àyẹ̀wò, nítorí pé òṣìṣẹ́ ìjọba kì í tíì dé kí òórùn náà tó lọ. California ni wọ́n ti bẹ̀rẹ̀ ọgbọ́n korobá yìí ní ọdún 1995. Ní àyíká Parkersburg ní West Virginia, lẹ́yìn ìyanjú ẹjọ́ lórí C8, kẹ́míkà tí wọ́n ń lò láti ṣe ohun tí oúnjẹ kì í lẹ̀ mọ́ lára ìkòkò, tí ó wọ inú omi mímu, wọ́n fi owó náà pe àwọn ènìyàn wá fún ẹ̀jẹ̀ gbígbà, nǹkan bí 69,000 ni ó sì jáde láàárín ọdún 2005 sí 2006. Nítorí pé wọ́n pọ̀ tó bẹ́ẹ̀ ni ìgbìmọ̀ àwọn onímọ̀ ìjìnlẹ̀ fi lè sọ, nígbà tí yóò fi di ọdún 2012, pé ó ṣeé ṣe kí àìsàn mẹ́fà tan mọ́ kẹ́míkà náà, tí jẹjẹrẹ kíndìnrín wà nínú wọn.

Ẹ tún wádìí bóyá òfin orílẹ̀-èdè yín fi dandan lé e kí ilé-iṣẹ́ máa kéde iye kẹ́míkà tí ó ń tú jáde lọ́dọọdún. Amẹ́ríkà ṣe irú òfin bẹ́ẹ̀ ní ọdún 1986, ọdún méjì lẹ́yìn Bhopal, ọ̀pọ̀ ilẹ̀ sì ti tẹ̀lé e. Ìwé kan ṣoṣo tí ilé-iṣẹ́ fúnra rẹ̀ fọwọ́ sí níyì ju ọgọ́rùn-ún ẹ̀sùn lọ.

Ní ti bóyá ìlú lè dára, ẹ wo Cubatão ní Bràsíl. Ó wà ní ẹsẹ̀ òkè gíga tí ó dí atẹ́gùn lọ́nà, ilé-iṣẹ́ irin, epo àti ajílẹ̀ sì kún ibẹ̀ débi pé wọ́n ń pè é ní Àfonífojì Ikú ní ìbẹ̀rẹ̀ àwọn ọdún 1980. Igi orí òkè kú, ilẹ̀ sì ń ya lulẹ̀ nítorí pé kò sí gbòǹgbò tí yóò dì í mú. Ní ọdún 1983 ni àjọ àyíká ìpínlẹ̀ São Paulo bẹ̀rẹ̀ ètò ìmúdọ̀tí-kúrò. Wọ́n ka ibi tí ìdọ̀tí ti ń jáde ní ọ̀kọ̀ọ̀kan, ó jẹ́ 320, wọ́n sì fún ọ̀kọ̀ọ̀kan ní ọjọ́ tí ó gbọ́dọ̀ ti yí padà. Ìdọ̀tí náà lọ sílẹ̀ púpọ̀, igbó padà sí orí òkè, àwọn ẹyẹ pupa tí wọ́n ti sá kúrò ní àbàtà ibẹ̀ sì padà wá. Kò tíì mọ́ tán, àwọn ilé-iṣẹ́ náà sì ṣì wà níbẹ̀, tí wọ́n ń ṣiṣẹ́.

Nítorí náà, ẹ mú ìwé àkọsílẹ̀ kan, ẹ̀yin àti àwọn ará òpópónà yín, kí ẹ bẹ̀rẹ̀ ní alẹ́ òní. Kí ilà kọ̀ọ̀kan ní ọjọ́, wákàtí, apá tí atẹ́gùn ti ń fẹ́, bí èéfín tàbí òórùn ti rí, orúkọ ilé-iṣẹ́ tí ẹ fojú rí i pé ó ti inú rẹ̀ jáde, àti ẹni tí ara rẹ̀ kò yá lọ́jọ́ náà. Kí ẹni tí ó kọ ọ́ fọwọ́ sí i. Kí ẹ ṣe ẹ̀dà rẹ̀ lóṣooṣù, kí ọ̀kan wà lọ́wọ́ yín, kí èkejì wà lọ́wọ́ agbẹjọ́rò tàbí dókítà tí ẹ fọkàn tán. Bí ẹ bá ti ní ti oṣù mẹ́ta, ẹ kọ̀wé sí mi padà.